Ilé Là Ń Wò: Yíyẹ Ìtumọ̀ àti Orísun Orúkọ Ọmọ Wò

Ní orílẹ̀-èdè Bràsíìlì, ọmọlangidi dúdú kékeré kan wà tí wọ́n máa ń fi ìrépé aṣọ ṣe. Wọn kì í fi abẹ́rẹ́ rán an, wọn kì í sì í fi gọ́ọ̀mù lẹ̀ ẹ́. Kókó ni wọ́n máa ń ta sí aṣọ náà títí yóò fi ní orí, ọwọ́ àti ẹsẹ̀. Abayomi ni wọ́n ń pè é. Ìtàn tí ó gbilẹ̀ nípa rẹ̀ ni pé àwọn ìyá tí a kó lẹ́rú a máa ya etí aṣọ wọn nínú ọkọ̀ ojú omi láti fi ṣe ohun ìṣeré fún àwọn ọmọ wọn tí ń sunkún, àti pé ìtumọ̀ orúkọ náà ní èdè Yorùbá ni "ìpàdé iyebíye". Ìtàn náà dùn létí, ó sì ń wọni lọ́kàn. Ṣùgbọ́n ẹni tí ó dá ọmọlangidi náà sílẹ̀ jẹ́ ẹni mímọ̀. Lena Martins ni, oníṣẹ́ ọnà kan tí ó bẹ̀rẹ̀ sí í ṣe é ní ìlú Rio de Janeiro ní apá ìparí àwọn ọdún 1980. Ní ti ìtumọ̀ tí wọ́n so mọ́ ọn, kò sí ọmọ Yorùbá tí yóò gbọ́ Abáyọ̀mí tí yóò ronú kan ìpàdé tàbí ohun iyebíye.

Kí ni ó fi hàn pé ìtumọ̀ náà kì í ṣe òótọ́? Nígbà tí ẹni méjì bá sì túmọ̀ orúkọ kan náà sí ọ̀nà méjì, kí ni a lè fi mọ ẹni tí ó gbà á? Ìbéèrè yìí ni ètò yìí dá lé lórí, kò sì yẹ kí ẹnikẹ́ni kà á sí eré àwọn onímọ̀ èdè lásán. Àwọn òbí tí wọ́n jẹ́ ọmọ Yorùbá ní Lọ́ńdọ̀nù tàbí ní Amẹ́ríkà ń wá orúkọ fún ọmọ nínú ìwé tí ẹni tí kò gbọ́ Yorùbá kọ. Nílé níhìn-ín pẹ̀lú, àwọn kan ń pa orúkọ ìdílé wọn tì nítorí ìtumọ̀ tí ẹnìkan sọ fún wọn pé ó ní. Àwọn àgbà ní orúkọ ọmọ ní í ro ọmọ. Bí ó bá rí bẹ́ẹ̀, ẹni tí a fún ní ìtumọ̀ òdì ti gba ẹrù ẹlẹ́rù, ẹni tí ó sì ju orúkọ rẹ̀ nù nítorí ìtumọ̀ òdì ti sọ ohun ìní bàbá rẹ̀ nù lórí asán.

Ẹ jẹ́ kí a kọ́kọ́ fi Abáyọ̀mí fúnra rẹ̀ ṣe àpẹẹrẹ. Àwọn ìwé orúkọ kan tí a tẹ̀ ní òkè òkun kò ṣìnà tó ti Bràsíìlì. Ohun tí wọ́n kọ ni "ẹni tí ó mú ayọ̀ wá". A mọ ọ̀nà tí wọ́n gbà débẹ̀: wọ́n rí yọ̀, wọ́n sì rántí ayọ̀. Bí akẹ́kọ̀ọ́ kan bá sọ pé "a bá mi yọ̀" ni orúkọ náà ń wí, ọ̀rọ̀ rẹ̀ yóò jọ òótọ́. Ibi tí mi wà nínú orúkọ náà ni yóò tú àṣírí. Nínú "bá yọ̀", àárín ni àbọ̀ máa ń wà: a ń sọ pé "wọ́n bá mi yọ̀", "ẹ bá wa yọ̀". Bí ó bá jẹ́ ohun tí orúkọ náà ní lọ́kàn nìyẹn, Abámiyọ̀ ni à bá máa gbọ́. Ṣùgbọ́n ẹ̀yìn yọ̀ ni mí wà nínú Abáyọ̀mí, gẹ́gẹ́ bí a ti ń sọ pé "ọ̀tá yọ̀ mí". Ẹni tí ó bá mi yọ̀, ọ̀rẹ́ mi ni; ẹni tí ó yọ̀ mí, ẹlẹ́yà ni ó fi mí ṣe. Bá tí ó wà níbẹ̀ sì ni ti "à bá ti lọ", "à bá ti rí i": à bá yọ̀ mí, àwọn ènìyàn ì bá fi mí ṣe ẹlẹ́yà. Ohùn ìsàlẹ̀ tí ó wà lórí à nínú gbólóhùn ni ó ti di ohùn àárín nínú orúkọ. Ìdajì gbólóhùn ni orúkọ yìí. Ìdajì kejì, "bí kì í bá ṣe ti Ọlọ́run", ni a kì í pè jáde, nítorí pé ẹni tí ó sọ ọmọ lórúkọ mọ̀ ọ́n, aládùúgbò tí ó ń múra àtirẹ́rìn-ín náà sì mọ̀ ọ́n. Orúkọ ẹni tí ìtìjú kù díẹ̀ kí ó mú, tí Olúwa bò láṣìírí, ni Abáyọ̀mí. Ayọ̀ wà nínú rẹ̀ lóòótọ́, ṣùgbọ́n ayọ̀ ọ̀tá ni, kò sì ráyè yọ̀ ọ́n.

Ohùn tí ó wà lórí mi yìí tó ohun tí ó yẹ kí olùkọ́ fi han àwọn akẹ́kọ̀ọ́ rẹ̀. Bí ọ̀rọ̀-ìṣe onísílébù kan bá ní ohùn òkè, mi tí ó tẹ̀ lé e yóò ní ohùn àárín: fẹ́ mi, kẹ́ mi. Bí ọ̀rọ̀-ìṣe náà bá ní ohùn àárín tàbí ti ìsàlẹ̀, ohùn òkè ni mí yóò ní: yẹ mí, wù mí, yọ̀ mí. Ìdí nìyí tí Olúfẹ́mi fi parí sí ohùn àárín, tí Akínwùmí sì parí sí ohùn òkè. Etí ọmọ Yorùbá mọ èyí kí ó tó wọ ilé ìwé rárá. Ìwé tí kò ní àmì ohùn ni kò mọ̀ ọ́n.

A dárúkọ Olúfẹ́mi. Inú àwọn orúkọ tí a gé kúrú bẹ́ẹ̀ gan-an ni àṣìṣe pọ̀ sí jù lọ nínú àwọn ìwé òkè òkun. Fẹ́mi wà nínú ọ̀pọ̀ nínú wọn, "fẹ́ràn mi" ni ìtumọ̀ tí wọ́n sì fún un, bí ẹni pé ọmọ ń bẹ aráyé pé kí wọ́n fẹ́ òun. Bí a bá yọ olùwà kúrò lára gbólóhùn Yorùbá, èyí tí ó kù a máa dún bí àṣẹ tàbí ẹ̀bẹ̀. Olú fẹ́ mi ni gbólóhùn náà; ìròyìn ni, kì í ṣe ẹ̀bẹ̀. Òbí ni ó sì ń sọ̀rọ̀, kì í ṣe ọmọ. Bọ́lá tún fi èyí hàn dáadáa. Nínú Adébọ́lá, adé ni ó bá ọlá pàdé. Nínú Bọ́láńlé, ọmọ ni ó bá ọlá ní ilé. Nínú Mobọ́lájí, ẹni tí ó sọ orúkọ ni ó wí pé "mo bá ọlá jí". Ta ni yóò wá fi ìtumọ̀ kan ṣoṣo fún Bọ́lá? Bákan náà ni Túndé. Babátúndé ni ó ń sọ pé bàbá àgbà kan ti kú kí a tó bí ọmọ náà. Akíntúndé àti Ọlátúndé kò sọ nǹkan kan nípa òkú. Nítorí náà, ohun àkọ́kọ́ tí ó yẹ kí olùwádìí bi ẹni tí ó jẹ́ orúkọ kúkúrú ni ohun tí ó wà níwájú rẹ̀ tàbí lẹ́yìn rẹ̀ kí a tó gé e.

Fọláṣadé, tí a ń gé sí Ṣadé, kò yàtọ̀. Àwọn ìwé kan ní ìtumọ̀ rẹ̀ ni pé ọlá fi adé dé ènìyàn lórí. Ọlá kọ́ ni ó ṣe nǹkan kan nínú orúkọ yìí. "Fi ọlá ṣe adé" ni: ọlá ni ìdílé náà ní, òun ni wọ́n sì fi ń ṣe ẹ̀ṣọ́ bí àwọn mìíràn ti ń fi adé ṣe ẹ̀ṣọ́. Ọ̀rọ̀-ìṣe fi, nígbà tí fáwẹ́lì rẹ̀ bá ti jẹ mọ́ ara ọ̀rọ̀ tí ó tẹ̀ lé e, a máa tan àwọn ọmọ Yorùbá pàápàá jẹ. Fadékẹ́mi ń bẹ níbẹ̀. Àwọn kan ń rò pé Ifá ni ó bẹ̀rẹ̀ orúkọ náà nítorí Fa tí wọ́n rí lórí ìwé. Fi adé kẹ́ mi ni. Bí Ifá bá wà níwájú orúkọ, ohùn òkè rẹ̀ kì í kúrò, bí ó ti wà nínú Fádèyí, tí í ṣe "Ifá di èyí". Ohùn àárín ni ó wà lórí Fa- nínú Fadékẹ́mi. Ẹni tí ó bá tìtorí Ifá kọ orúkọ yìí ti bá òjìji jà.

Ọ̀nà mìíràn wà tí ohùn ń gbà ṣe ẹlẹ́rìí. Nígbà tí ọ̀rọ̀ orúkọ bá jẹ́ olùwà, ohùn òkè kan a máa wà láàárín òun àti ọ̀rọ̀-ìṣe, èyí tí yóò gbé sílébù ìparí olùwà náà sókè bí ó bá ní ohùn àárín. Ìdí nìyí tí akin fi di Akín- nínú Akínwùmí, tí ọmọ sì di Ọmọ́- nínú Ọmọ́wùmí. Ẹ wá wo orúkọ tí a ń kọ láìfi àmì sí báyìí: Opeyemi. Bí ó bá jẹ́ ọpẹ́ tí à ń dá ni, Ọpẹ́yẹmí ni yóò jẹ́, ìyẹn ni pé ó yẹ kí n dúpẹ́. Bí ó bá sì jẹ́ igi ọ̀pẹ, èyí tí ikin ń ti ara rẹ̀ wá, tí àwọn onífá fi ń pe Ifá, ohùn òkè tí a ń sọ yìí yóò sọ ọ̀pẹ di Ọ̀pẹ́-, orúkọ náà yóò sì di Ọ̀pẹ́yẹmí. Kò sí ìyàtọ̀ kankan láàárín méjèèjì ju ohùn sílébù àkọ́kọ́ lọ. Ọ̀kan jẹ́ orúkọ ilé ìjọsìn èyíkéyìí. Èkejì jẹ́ orúkọ ilé awo. Ìwé ìforúkọsílẹ̀ ilé ìwé kò lè sọ èyí tí ó jẹ́, bẹ́ẹ̀ ni ìwé ìrìnnà kò lè sọ ọ́. Ẹni tí ó gbọ́ bí bàbá àgbà ṣe ń pe ọmọ náà ni ó lè sọ ọ́.

Èyí ni ó gbé wa dé ilé. Ilé là ń wò kí a tó sọ ọmọ lórúkọ, ilé náà ni a sì gbọ́dọ̀ wò kí a tó túmọ̀ rẹ̀. Ọ̀rọ̀ tí ó bẹ̀rẹ̀ orúkọ a máa tọ́ka sí ohun tí ìdílé ń sìn tàbí iṣẹ́ tí wọ́n ń ṣe: Fá-, Awó-, Odù- àti Ọ̀pẹ́- fún àwọn onífá, Òjé- fún àwọn eléégún, Àyàn- fún àwọn onílù, Ọdẹ́- fún àwọn ọdẹ, Ògún- fún àwọn tí ń fi irin ṣiṣẹ́, Adé- fún ìdílé ọba. Awólọ́wọ̀ kì í ṣe ọ̀rọ̀ àwo tí a fi ń jẹun. "Awo ní ọ̀wọ̀" ni, tí ní di l nítorí fáwẹ́lì tí ó kàn án. Ẹni tí ó bá mọ ìdílé kò ní í ṣi ìbẹ̀rẹ̀ orúkọ gbọ́.

Ṣùgbọ́n ní ti àwọn orúkọ àbíkú, a lè tú gbogbo ọ̀rọ̀ inú orúkọ palẹ̀ láìní àṣìṣe kankan kí a má sì tíì mọ ohun tí ó ń sọ. Kòsọ́kọ́ ni orúkọ ọba tí ó jẹ ní Èkó láti 1845 títí di 1851 tí àwọn Gẹ̀ẹ́sì fi ìbọn lé e kúrò. Kò sí ọkọ́ ni. Kì í ṣe ọkọ ìyàwó, nítorí pé Kòsọ́kọ ni ìyẹn ì bá jẹ́. Kì í sì í ṣe ọkọ̀, nítorí pé Kòsọ́kọ̀ ni ìyẹn náà ì bá jẹ́. Ọkọ́ tí a fi ń ro oko ni. Ẹni tí ó bá dúró síbẹ̀ yóò máa ṣe kàyéfì pé kí ni ọkọ́ ń wá ní orúkọ ọmọ, àfi bí ó bá mọ̀ pé ọkọ́ náà ni a fi ń gbẹ́ ilẹ̀ tí a ó sin òkú ọmọ sí. Òbí tí ó ti sin ọmọ léraléra ń sọ fún èyí tí ó ṣẹ̀ṣẹ̀ dé pé ọkọ́ ti tán nílé, kí ó jókòó. Igbókọ̀yí ń wí pé igbó tí a ń sin wọ́n sí ti kọ èyí. Káṣìmáawò, "ká ṣì máa wò ó", ni orúkọ tí bàbá Moshood Abíọ́lá sọ ọ́ nígbà tí wọ́n bí i ní Abẹ́òkúta ní 1937. Ọmọ kẹtàlélógún tí bàbá náà bí ni, òun sì ni àkọ́kọ́ tí ó yè. Ìwé atúmọ̀-èdè wo ni yóò sọ ìrora tí ó wà nínú "ṣì" yẹn fún ènìyàn?

Bí ó ti wù kí ẹ̀rí ilé ṣe pàtàkì tó, kì í ṣe ẹ̀rí tí kì í tàsé. Ìdílé náà a máa tún orúkọ túmọ̀ nígbà tí ẹ̀sìn wọn bá yí padà. Ilé tí Ọ̀pẹ́yẹmí ti jẹ́ orúkọ Ifá fún ìran mẹ́ta lè di ilé tí a ti ń kọ́ ọmọ pé ọpẹ́ ni, láàárín ogún ọdún, kí ẹnikẹ́ni má sì gbèrò láti purọ́. Nígbà tí ohùn àti ilé bá ń ta ko ara wọn báyìí, fáwẹ́lì a máa dá sí i. Bámgbóṣé ni kí a mú. Òmíràn yóò wí fún ọmọ rẹ̀ pé iṣẹ́ ni ó wà nínú rẹ̀, pé "bá mi gbé iṣẹ́" ni. Iṣẹ́ ní ẹ, kò ní e. Bí ó bá jẹ́ òun ni, Bámgbéṣẹ́ ni a ó máa gbọ́. Ọṣẹ tí a fi ń fọṣọ kò lè wọ ibẹ̀ pẹ̀lú, nítorí ọ àti ẹ rẹ̀. Ohun kan ṣoṣo tí ó bá ohùn àti fáwẹ́lì mu ni oṣé, igi olórí àáké méjì tí àwọn olóòṣà Ṣàngó máa ń gbé lọ́wọ́: bá mi gbé oṣé.

Ẹ̀rí mìíràn tún wá láti ibi tí a kò fọkàn sí. Ní ọ̀rúndún kọkàndínlógún, ọ̀kan nínú àwọn àgbà ẹlẹ́sìn òrìṣà tí òkìkí wọn kàn ní Bahia, ní Bràsíìlì, ni Rodolfo Martins de Andrade, ẹni tí orúkọ rẹ̀ láàárín àwọn ẹlẹ́sìn ń jẹ́ Bamboxê Obitikô. Lẹ́tà x ni ó dúró fún ṣ nínú ìkọ̀wé àwọn Pọtogí. Àmì tí ó bo ê lórí kì í sì í ṣe ọ̀ṣọ́: fáwẹ́lì e ni ó ń tọ́ka sí nínú èdè wọn, kì í ṣe ẹ, bí ó bá jẹ́ ẹ ni wọ́n gbọ́, é ni wọn ì bá kọ. Àwọn tí wọ́n kọ orúkọ náà sílẹ̀ ní òdìkejì òkun ti pa ìró tí ó sọ ìtumọ̀ rẹ̀ mọ́ fún wa.

Ọ̀rọ̀ Èṣù le ju èyí lọ. Èṣùbíyìí, "Èṣù ni ó bí èyí", jẹ́ orúkọ tí ìdílé tí ń bọ Èṣù fi ń dúpẹ́ ọmọ. Àwọn tí wọ́n túmọ̀ Bíbélì sí èdè Yorùbá ní ọ̀rúndún kọkàndínlógún ni wọ́n mú orúkọ òrìṣà yìí, oníṣẹ́ láàárín ọ̀run àti ayé, tí wọ́n fi pe ọ̀tá Ọlọ́run. Láti ìgbà náà ni ẹni tí ó bá jẹ́ orúkọ bẹ́ẹ̀ ti ń tijú láàárín ẹgbẹ́. Bí ó bá wù ú láti yí i padà, ẹ̀tọ́ rẹ̀ ni. Kò sí ẹni tí ó yẹ kí ó fi ipá mú un. Ṣùgbọ́n kí olùkọ́ má ṣe sọ fún un pé àwọn baba ńlá rẹ̀ fi ọmọ wọn fún Sàtánì. Nígbà tí a dá orúkọ yẹn, ẹni tí ó sọ ọ́ kò tíì gbọ́ orúkọ Sàtánì rí.

Ìkọ̀wé tún jẹ́ ìdènà fún ẹni tí ń wá orísun orúkọ. Orúkọ kan náà a máa wọ aṣọ ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ gẹ́gẹ́ bí ìjọba tí ó kọ ọ́ sílẹ̀. Ní Cuba, babaláwo olókìkí kan gbé ní Regla, nítòsí Havana, tí ó kú ní 1905. Remigio Herrera ni orúkọ tí àwọn Sípéènì fún un, Adechina sì ni èyí tí ó gbé ti ilé wá. Ch àwọn Sípéènì ni kò jẹ́ kí ojú tètè mọ̀ ọ́n. Adéṣínà ni, "adé ṣí ọ̀nà", èyí tí a ń kọ ní Adeshina tàbí Adesina ní Nàìjíríà. Ní Kétu àti Ṣábẹ, ní orílẹ̀-èdè Bẹ̀nẹ̀ tí Faransé ti ṣèjọba, ch náà ni wọ́n ń lò fún ṣ, ou sì ni wọ́n ń lò fún u. Nílé níhìn-ín, ìjọba fi ọwọ́ sí àkọtọ́ tí a ń lò báyìí ní 1974, ṣùgbọ́n àwọn ìdílé kò yí orúkọ wọn padà tẹ̀ lé e. Wọ́n ṣì ń kọ Aiye- dípò Ayé-, àti sh dípò ṣ. Kò burú. Kí ẹni tí ń yẹ orúkọ wò ṣáà ti kọ́kọ́ dá a padà sí àkọtọ́ òde òní, pẹ̀lú àmì ohùn, kí ó tó sọ ọ̀rọ̀ kan.

Àwọn orúkọ kan wà tí a kò gbọ́dọ̀ tú rárá, nítorí pé èdè mìíràn ni wọ́n ti wá. Lásísì, Làmídì, Sàlámì, Bàkárè àti Bùráímọ̀ ti pẹ́ lẹ́nu Yorùbá débi pé ohùn wọn ti di ti wa, a sì ti gbọ́ tí àwọn kan ń fi ọgbọ́n orí wá "sísì" tàbí "ràí" nínú wọn. Abdul-Aziz ni Lásísì, Abdul-Hamid sì ni Làmídì. L tí ó wà níwájú wọn jẹ́ àṣẹ́kù al inú èdè Lárúbáwá. Nínú Sàlámì, tí í ṣe Abdus-Salam, l náà ti di s kí ó tó kúrò lẹ́nu àwọn Lárúbáwá fúnra wọn. Ṣùgbọ́n kí akẹ́kọ̀ọ́ má ṣe wá sọ pé gbogbo l bẹ́ẹ̀ ni àṣẹ́kù: ti Làtífù wà nínú gbòǹgbò ọ̀rọ̀ náà. Abubakar ni Bàkárè, Ibrahim sì ni Bùráímọ̀. Ìtumọ̀ wọn wà lọ́wọ́ àwọn àfáà.

Àwọn orúkọ àmútọ̀runwá náà ní ìdẹwò tiwọn. Ó rọrùn láti fi hàn pé Táíwò jẹ́ "tọ́ ayé wò" àti pé Kẹ́yìndé jẹ́ "kẹ́yìn dé". Nítorí náà ni àwọn kan fi ń rò pé gbogbo ẹgbẹ́ wọn ni a lè fọ́ bẹ́ẹ̀. Òjó kì í ṣe òjò tí ń rọ̀, bẹ́ẹ̀ ni kì í ṣe ọjọ́. Ọmọkùnrin tí ìwọ́ kọ́ lọ́rùn wá sáyé ni, Àìná sì ni obìnrin irú rẹ̀. Ìgè mú ẹsẹ̀ ṣíwájú, Dàda gbé irun dídì wá, Olúgbódi ní ìka mẹ́fà. Fún àwọn wọ̀nyí, bí a ṣe bí ọmọ ni ìtumọ̀ orúkọ. Àjàyí, ọmọ tí ó dojú bolẹ̀ nígbà tí a bí i, ni a ti gbọ́ tí a tú sí "a jà nítorí èyí", bí ẹni pé ìjà kan ṣẹlẹ̀. Samuel Àjàyí Crowther, tí ó tẹ ìwé ọ̀rọ̀ Yorùbá jáde ní 1843, gba Samuel Crowther lọ́wọ́ ìjọ ní 1825, láti ara àlùfáà Gẹ̀ẹ́sì kan. Òjìyàn kò sí lórí orísun èyí. Àjàyí ni ó bá a láti Òṣogùn wá, kò sì ní ohun méjì tí ó ń sọ ju bí ó ṣe yọjú sí ayé.

Àwọn ìwé tí a lè gbára lé kò pọ̀, ṣùgbọ́n wọ́n wà. Samuel Johnson fi orí kan sílẹ̀ fún orúkọ nínú ìwé ìtàn Yorùbá rẹ̀, tí ó parí ní 1897 tí a sì tẹ̀ jáde ní 1921. Ìsọ̀rí tí ó pín wọn sí ṣì wúlò, bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé Ọ̀yọ́ ni ojú rẹ̀ wà jù. Modupẹ Oduyọye tẹ ìwé lórí ìhun àti ìtumọ̀ orúkọ Yorùbá jáde ní Ìbàdàn ní 1972. Adébóyè Babalọlá àti Olúgbóyèga Àlàbá sì gbé ìwé atúmọ̀ orúkọ jáde ní 2003. Ohun tí ó mú wọn yàtọ̀ sí àwọn ìwé òkè òkun ni pé wọ́n kọ gbólóhùn tí orúkọ ti ṣẹ́yọ síwájú ẹni tí ń kà á, kí òun náà lè yẹ̀ ẹ́ wò. Ìwé tí ó bá fún ènìyàn ní ìtumọ̀ láìfi gbólóhùn hàn án kò yẹ ní gbígbà gbọ́, ibi yòówù kí wọ́n ti tẹ̀ ẹ́.

Ọ̀pọ̀ olùkọ́ máa ń fún ọmọ ilé ìwé ní iṣẹ́ pé kí wọ́n lọ kọ ìtumọ̀ orúkọ wọn wá. Iṣẹ́ tí ó dára ni, ṣùgbọ́n bí wọ́n ṣe ń fún un ní máàkì ni kò tọ́. Ó yẹ kí ọmọ kọ orúkọ náà ní kíkún pẹ̀lú àmì ohùn, kí ó kọ gbólóhùn tí ó wà nínú rẹ̀, kí ó sì kọ ohun tí àgbà ilé sọ nípa ìgbà tí a bí i. Bí mẹ́tẹ̀ẹ̀ta bá ta ko ara wọn, kí olùkọ́ má ṣe fagi lé e. Níbẹ̀ ni ẹ̀kọ́ náà ti bẹ̀rẹ̀. Ọmọ tí ó ń jẹ́ Bándélé yóò kọ "bá mi dé ilé", yóò sì gba gbogbo máàkì tí ó wà fún gírámà, nítorí pé ó mọ̀ pé mi ni ó di n. Ìdáhùn kẹta ni yóò rán an lọ sọ́dọ̀ ìyá rẹ̀ àgbà, tí yóò sọ ìlú àjèjì tí wọ́n wà nígbà tí a bí bàbá rẹ̀ tàbí òun fúnra rẹ̀, iye ọdún tí wọ́n lò níbẹ̀, àti bí ọ̀nà ti rí lọ́jọ́ tí wọ́n padà wálé.